Ta Ló Kọ Orin Yẹn? Àlàyé lórí ẹni tó ń to orin àti olùdarí orin nínú eré oníṣe

Lálẹ́ ọjọ́ tí a parí eré wa ní Kétu, ní orílẹ̀-èdè Benin, ìyá àgbà kan tó jókòó níwájú dá mi dúró lẹ́nu ọ̀nà. Ó ní, "Ọmọ mi, o kúuṣẹ́. Orin yẹn wọ̀ mí lára. Ṣé ìwọ lo kọ ọ́?" Mo dọ̀bálẹ̀, mo ní, "Ẹ ṣeun, Ìyá. Èmi kọ́." Ó ní, "Ṣé o wà lára àwọn tó ń kọ ọ́ ni?" Mo ní, "Rárá, Ìyá." Ó wò mí títí. "Kí lo wá ń ṣe níbẹ̀ tí gbogbo wọn fi ń pè ọ́ ní ọ̀gá?" Mo ṣàlàyé díẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kò yé e dáadáa, n kò sì lè dá a lẹ́bi. Iṣẹ́ tí mo ń ṣe kò ní orúkọ kan pàtó lẹ́nu wa. Nítorí tirẹ̀, àti nítorí àwọn òbí tó ń bi mí ní irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀ ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) nígbà tí ọmọ wọn bá ní iṣẹ́ yìí lòun fẹ́ ṣe, ni mo ṣe jókòó kọ èyí.

Èdè wa gan-an ló kọ́kọ́ da ọ̀rọ̀ náà rú. Ẹni tó fi gègé kọ orin sórí ìwé, a ní ó kọ orin. Ẹni tó la ẹnu tó gbé e jáde, òun náà kọ orin. Ẹni tó kó àwọn ọ̀dọ́ jọ lẹ́yìn ilé ìjọsìn tó ń fi yé wọn, ó kọ́ wọn lórin. Ohùn òkè kan péré ló yà á sọ́tọ̀ sí àwọn méjì yòókù. Bí ẹ bá wá béèrè pé "ta ló kọ orin yẹn?", èèyàn méjì lè nàwọ́, kò sì ní sí èyí tó purọ́ nínú wọn. Ẹnì kẹrin tún wà tí kò ní nàwọ́ rárá: ẹni tó to orin náà.

Ìtàn eré wa náà dá kún un. Hubert Ogunde, tó ṣe ọlọ́pàá kó tó fi eré ṣe iṣẹ́, gbé eré olórin rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní Èkó ní ọdún 1944, ó sì dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀ ní 1945. Nínú ẹgbẹ́ náà, òun ló ń ro ìtàn, òun ló ń ṣe orin, òun ló ń darí, òun náà ni olórí òṣèré. Àwọn ẹgbẹ́ tó tẹ̀lé e ṣe bẹ́ẹ̀ náà. Ọ̀gá kan ṣoṣo ló ni gbogbo ẹrù, kò sì sí ìdí tí ẹnikẹ́ni yóò fi máa wá orúkọ fún ẹrù kọ̀ọ̀kan.

Ní New York, níbi tí eré olórin ti jẹ́ òwò ojoojúmọ́ ní àdúgbò tí wọ́n ń pè ní Broadway, wọ́n ti pín ẹrù náà sí wẹ́wẹ́. Ẹni tó ṣẹ̀dá orin máa ń mú ohùn orin wá, nígbà mìíràn pẹ̀lú ìwọ̀n tí ọwọ́ méjì lè tẹ̀ lórí dùùrù. Ẹni tó ń to orin yóò gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Òun ni yóò pinnu ẹni tí yóò kọ́kọ́ gbé orin náà, ibi tí agbo yóò ti gbè é, iye ìgbà tí a óò tún un kọ, ibi tí yóò ti gòkè sí i, àti ibi tí gbogbo ohun èlò yóò ti dákẹ́ kí ohùn ọmọbìnrin kan ṣoṣo lè dún ketekete. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹnìkan wà tí iṣẹ́ tirẹ̀ jẹ́ pípín orin náà fún ohun èlò kọ̀ọ̀kan: ohun tí fèrè yóò fọn, ohun tí gòjé òyìnbó yóò ta, ìgbà tí ìlù yóò wọlé. Olùdarí orin ni yóò wá kọ́ àwọn òṣèré àti olórin ní gbogbo rẹ̀, tí yóò sì dúró níwájú wọn lálẹ́ eré. Ní ilẹ̀ wa, ẹnìkan náà ló sábà máa ń to orin, tó ń pín in fún ohun èlò, tó sì tún ń darí. Èmi ń ṣe mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Bí ẹ bá fẹ́ kí n fi iṣẹ́ ọwọ́ wa ṣàlàyé, ẹni tó ṣẹ̀dá orin ló hun aṣọ. Ẹni tó ń to orin ló gé e, tó sì rán an mọ́ ara ẹni tí yóò wọ̀ ọ́. Bí a bá yọ̀ǹda aṣọ òkè kan náà fún aránṣọ méjì, ẹ̀wù méjì ni yóò jáde.

Robert Russell Bennett, tó gbé ayé láti 1894 sí 1981, jẹ́ irú aránṣọ bẹ́ẹ̀. Òun ló pín orin fún ohun èlò nínú eré tí wọ́n ń pè ní Oklahoma! ní 1943 àti South Pacific ní 1949. Richard Rodgers ló ṣẹ̀dá orin méjèèjì, orúkọ Rodgers ni aráyé sì mọ̀. Ṣùgbọ́n gòjé tó dìde lẹ́yìn ohùn akọrin, tó mú kí ọkàn èèyàn fò sókè, ìwé tí Bennett fi ọwọ́ kọ ni wọ́n ń kà. Ẹ̀bùn Tony, tó jẹ́ ẹ̀bùn tó ga jù fún eré ní Broadway, kò ní ipò kan fún ẹni tó ń pín orin fún ohun èlò títí di 1997, nígbà tí Jonathan Tunick kọ́kọ́ gbà á. Ti olùdarí orin tiẹ̀ ti wà tẹ́lẹ̀, wọ́n sì dá a dúró lẹ́yìn 1964. Mo sọ èyí kí àwọn ọ̀dọ́ tó ń bọ̀ lè mọ̀ pé kì í ṣe ọ̀dọ̀ wa nìkan ni ojú kò ti tètè rí iṣẹ́ yìí.

Àpẹẹrẹ kan tó súnmọ́ wa jù ìyẹn lọ ni eré Fela! tó wọ Broadway ní 2009. Gbogbo wa la mọ bí orin Fela ṣe máa ń gùn tó: ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ogún, ó sì máa ń pẹ́ kó tó la ẹnu kọrin gan-an. Fela ti kú láti 1997, kò sí níbẹ̀ tí ẹnikẹ́ni yóò fi bi í pé ibo ni ká ti gé e. Aaron Johnson, tó jẹ́ ara ẹgbẹ́ olórin Antibalas ti Brooklyn, ló bójú tó ètò orin náà. Kí wọ́n gé orin ogún ìṣẹ́jú sí ìṣẹ́jú mélòó kan, kó má sọ agbára rẹ̀ nù, kí ìtàn sì máa lọ, iṣẹ́ ẹni tó ń to orin nìyẹn. Ẹ wò ó pé orin Fela ló pọ̀ jù níbẹ̀, síbẹ̀ ọwọ́ rẹ̀ wà lára gbogbo ohun tí etí gbọ́.

Ibi tí ọ̀nà tiwa ti yà sí ti Broadway ni mo fẹ́ dúró sí jù. Lọ́dọ̀ wọn, ẹni tó ń to orin lè kó ohùn mẹ́rin lé orí ọ̀rọ̀ kan bó ṣe wù ú. Ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì kò ní torí ìyẹn di ọ̀rọ̀ mìíràn. Tiwa kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá kọ́ Yorùbá ní iléèwé mọ dò, re, mí: ohùn ìsàlẹ̀, ohùn àárín, ohùn òkè. Gbogbo iṣẹ́ mi bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀.

Nínú eré Kétu tí mo sọ níbẹ̀rẹ̀, ọmọ ìyá méjì ń jà sí ilẹ̀ tí bàbá wọn fi sílẹ̀. Àkọ́bí wọlé, ó ń kọrin pé, "Ogún bàbá mi ni mo wá gbà." Ẹ fi dò, re, mí kà á: re mí, dò mí, re, re, re, mí, dò. Olùkọ́ kan láti Ṣábẹ̀ẹ́ ló ṣẹ̀dá orin náà, ó gbọ́ èdè dénú, ohùn orin rẹ̀ sì bá ọ̀rọ̀ náà rìn láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Orí mi wú nígbà tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Iṣẹ́ tèmi ni pé kí agbo gbè é ní ohùn mẹ́rin, sòpùránò, áátò, tẹ́nọ̀ àti báàsì, bí a ti ń ṣe ní ìjọ. Mo kọ ti áátò bí ìwé òyìnbó ti kọ́ mi: kó dúró sójú kan níwọ̀n bó bá ti lè dúró, kó má máa fò kiri. Ìmọ̀ràn náà dára fún orin Látìnì tàbí ti Faransé. Ọjọ́ Sátidé tí a kọ́kọ́ dán an wò, àwọn áátò mú ohùn kan náà láti "o" dé "gun", wọn kò gòkè. Ìyá alákàrà tó ń dín àkàrà lẹ́bàá ilẹ̀kùn gbé orí sókè, ó ní, "Ogun wo ni bàbá wọn jà?"

Ọ̀rọ̀ rẹ̀ gún mi. Ogún ti di ogun. Nínú ìtàn tí ẹ̀gbọ́n àti àbúrò ti ń bára wọn jà, àṣìṣe náà tún ní ìtumọ̀ tirẹ̀, ohun tó sì mú un léwu nìyẹn. Ẹni tó ń gbọ́ kò ní mọ̀ pé nǹkan kan ti yẹ̀. Ìtàn mìíràn ni yóò máa bá lọ.

Mo tún un to lóru ọjọ́ yẹn. Mo ní kí áátò máa rìn lẹ́yìn sòpùránò ní ìwọ̀n kan náà, kó gòkè níbi tó bá ti gòkè, kó sọ̀ níbi tó bá ti sọ̀. Báàsì kò lè tẹ̀lé wọn bẹ́ẹ̀ láìdà bí ẹni ń sáré, nítorí náà mo gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu wọn pátápátá, mo ní kí wọ́n máa kùn "hùn-ùn" nísàlẹ̀. Lórí "ogún bàbá mi" fúnra rẹ̀, gbogbo agbo kọ ọ́ ní ohùn kan ṣoṣo, mo sì fi àwọn ohùn yòókù sínú kíbọ́ọ̀dù àti fèrè, torí ohun èlò kì í ṣi ọ̀rọ̀ sọ bó bá ń ti ẹnu èèyàn lẹ́yìn. Nígbà tó di Sátidé kejì, ìyá alákàrà ń gbè é bó ti ń yí àkàrà nínú epo, "ogún" tirẹ̀ sì gòkè dáadáa.

Àwọn àgbà orin ìjọ ti bá ọ̀rọ̀ yìí jà ṣáájú wa. Nígbà tí wọ́n túmọ̀ orin òyìnbó sí Yorùbá tí wọ́n sì fi ohùn òyìnbó sílẹ̀ bó ti wà, ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ ló yí padà lẹ́nu ìjọ láìsí ẹni tó fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ekundayo Phillips, tó di atẹdùùrù Kàtídírà Kírísítì ní Èkó ní 1914, tó sì wà níbẹ̀ títí di 1962, wà lára àwọn tó tẹnu mọ́ ọn pé ohùn orin gbọ́dọ̀ tẹ̀lé ohùn ọ̀rọ̀. Títí di òní, bí mo bá gbọ́ ẹgbẹ́ akọrin ní Àjàṣẹ́ tó mọ ohùn mẹ́rin kọ dáadáa, etí mi kọ́kọ́ ń wá ọ̀rọ̀ náà.

Àwọn baba wa ní Kétu kò tiẹ̀ jẹ́ kí ìṣòro náà wọlé rárá. Lóru Ẹ̀fẹ̀, alẹ́ orin tó ń ṣáájú ijó Gẹ̀lẹ̀dẹ́, ọ̀kan ń lé, agbo ń gbè. Ẹni tó ń lé ní ohùn tirẹ̀ nìkan lórí ọ̀rọ̀ tó gùn, tó jinlẹ̀. Agbo ń gba gbólóhùn kúkúrú padà ní ohùn kan. Omele dúró lórí ohun tirẹ̀ láìyẹsẹ̀, ìyáàlù sì ń sọ̀rọ̀ lórí rẹ̀. Tó bá di ọ̀sán, ẹsẹ̀ oníjó Gẹ̀lẹ̀dẹ́ gbọ́dọ̀ parí gbólóhùn ìyáàlù pẹ̀lú rẹ̀, irin ọrùn ẹsẹ̀ rẹ̀ yóò sì sọ bó bá kù díẹ̀ káàtó. UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní 2001, wọ́n sì kọ ọ́ sínú àkójọ àjogúnbá aráyé ní 2008. Igi tí wọ́n gbẹ́ ni ojú àwọn àlejò máa ń kọ́kọ́ lọ bá. Ní tèmi, bí wọ́n ti to orin náà ni ilé-ẹ̀kọ́ tí mo lọ kí n tó mọ̀ pé ilé-ẹ̀kọ́ ni.

Ohùn ẹni tó ń kọrin ni wàhálà tó tẹ̀lé e. Obìnrin tó ṣe ìyá àwọn ọmọ náà ní ohùn tó jinlẹ̀, tó dùn, ṣùgbọ́n kò lè dé òkè tí olùkọ́ wa kọ orin sí. A kì í wá ẹlòmíràn. Orin la máa ń sọ̀ kalẹ̀. Mo sọ̀ ọ́ kalẹ̀ ní ìgbésẹ̀ ohùn méjì. Lórí kíbọ́ọ̀dù, èèyàn lè ṣe é lójú ẹsẹ̀. Ti àwọn afọnfèrè mẹ́ta tí a yá láti inú ẹgbẹ́ fanfare kan ní Àjàṣẹ́ ni iṣẹ́, nítorí tùrọ́mpẹ́ẹ̀tì wọn kì í pe ohùn bí dùùrù ti ń pè é: nígbà tí dùùrù bá tẹ ohùn tí a ń pè ní C, D ni wọ́n gbọ́dọ̀ rí nínú ìwé tiwọn kí ohùn méjèèjì tó bára mu. Bí orin bá sọ̀, gbogbo ìwé wọn la óò tún kọ. Ní báyìí, MuseScore, tí wọn kì í gbowó lé lórí, lè ṣe èyí ní ìṣẹ́jú kan lórí kọ̀ǹpútà. Nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀, gègé àti ìwé onílà ni.

Títò parí níbẹ̀. Dídarí ló kàn.

Olùdarí orin ló máa ń kọ́kọ́ dé ìdánrawò, òun ló sì máa ń kẹ́yìn kúrò. Ó ń tẹ dùùrù fún àwọn òṣèré fún ọ̀sẹ̀ púpọ̀ kí olórin kankan tó dé, torí owó ọkọ̀ olórin ń wọ́n. Lọ́jọ́ kan ṣoṣo, akọrin àti olórin yóò pàdé fún ìgbà àkọ́kọ́: kò sí ijó, kò sí aṣọ, gbogbo èèyàn jókòó, wọ́n kọ orin láti òkè dé ìsàlẹ̀ kí olúkúlùkù lè gbọ́ ibi tó wà nínú ilé. Àwọn ará Jámánì ló fún ọjọ́ yìí ní orúkọ tí Broadway ń lò, sitzprobe, ìdánrawò ìjókòó. Mo fẹ́ràn rẹ̀ ju alẹ́ eré lọ. Ọ̀dọ́mọkùnrin tó ti ń fi kíbọ́ọ̀dù kọrin láti oṣù méjì gbọ́ fèrè mẹ́ta dìde lẹ́yìn rẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́, omi sì bọ́ lójú rẹ̀.

Lálẹ́ eré, ojú méjì kò tó. Ojú kan wà lára òṣèré, èkejì lára onílù. Bó o bá yára ju èémí akọrin lọ, o ti pa á. Bó o bá lọ́ra, ìtàn á sùn. Àwọn mìíràn ń lo ọwọ́, àwọn mìíràn ń fi orí darí látìdí kíbọ́ọ̀dù. Bẹ́ẹ̀ ni Alex Lacamoire ṣe nínú eré Hamilton tó wọ Broadway ní 2015, pẹ̀lú olórin mẹ́wàá péré. Kò sì sí ẹni tó gbọ́ ọ tó sọ pé wọ́n kéré, torí òun fúnra rẹ̀ ló pín orin náà fún wọn. Iye olórin kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré níbẹ̀: ní oṣù kẹta 2003, àwọn olórin Broadway da iṣẹ́ sílẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́rin lórí iye tó kéré jù tí gbọ̀ngàn gbọ́dọ̀ gbà. Nígbà tí wọ́n yanjú rẹ̀, àwọn gbọ̀ngàn ńlá tó ti ń gba mẹ́rìnlélógún tàbí mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n sọ̀ kalẹ̀ sí méjìdínlógún tàbí mọ́kàndínlógún. Àwa ní Kétu jẹ́ mẹ́fà, pẹ̀lú onílù méjì.

Orin ìdádúró, ìyẹn ẹsẹ orin kékeré tí a máa ń tún títí òṣèré yóò fi ṣe tán, ni a máa ń kọ́ olùdarí tuntun ní kíákíá. Nínú eré wa, ìyá gbọ́dọ̀ wọlé lọ, kó bọ́ aṣọ, kó wọ aṣọ ọ̀fọ̀, kó sì jáde. A ti wọn àkókò náà: ẹsẹ orin kékeré kan, ẹ̀ẹ̀mẹ́rin. Lálẹ́ kejì, ìró rẹ̀ há sí ẹnu ìṣó kan lẹ́yìn ìtàgé. A kọ ẹsẹ náà ní ẹ̀ẹ̀mẹ́rin, kò jáde. Mo fi orí sọ fún onílù, a tún un. Nígbà ìkẹjọ, mo ní kí fèrè dákẹ́, kí omele nìkan kù, kó dà bí ẹni pé ìtàn ló ní ká rọra. Nígbà ìkọkànlá ni mo rí ẹsẹ̀ rẹ̀ lábẹ́ aṣọ ìtàgé. Ẹnikẹ́ni nínú àwùjọ kò mọ̀. Àwọn onílù Kétu kò nílò kí n kọ́ wọn ní èyí. Wọ́n ti ń fi ìlù dúró de ẹ̀fẹ̀ tó pẹ́ nínú ilé kí wọ́n tó bí mi.

Báwo lèèyàn ṣe ń wọ iṣẹ́ náà? Ní New York, àtẹ̀gùn rẹ̀ hàn: èèyàn á kọ́kọ́ tẹ dùùrù ní ìdánrawò, á di igbákejì olùdarí, á máa gba ipò lálẹ́ tí ọ̀gá kò bá sí, lẹ́yìn náà á di olùdarí. Níhìn-ín, ìjọ ni àtẹ̀gùn wa, àti fanfare, àti agbo Ẹ̀fẹ̀. Kọ́ bí a ti ń ka orin lórí ìwé, torí ohun tó wà nínú orí rẹ nìkan yóò bá ọ kú. Máa bá òṣèré jókòó, kí o mọ bí wọ́n ti ń mí. Ní ti ilé-ẹ̀kọ́, Yunifásítì Abomey-Calavi ní INMAAC, tó ń kọ́ni ní iṣẹ́ ọnà àti àṣà. Àjọ̀dún eré FITHEB, tó bẹ̀rẹ̀ ní 1991, sì ti kó ẹgbẹ́ eré láti orílẹ̀-èdè púpọ̀ wá sí Benin. Lọ wo bí àwọn ẹlòmíràn ti ń ṣe é, kí o sì jókòó sí ibi tí wàá ti rí ojú olùdarí.

Ní ti owó, òtítọ́ ni kí àwọn òbí gbọ́. Èmi kò rí ẹnikẹ́ni ní Kétu tàbí Àjàṣẹ́ tó ń fi eré nìkan jẹun. A ń kọ́ ọmọ ní dùùrù, a ń darí akọrin, a ń tẹ̀ ní ìgbéyàwó àti ìsìnkú. Iṣẹ́ gidi ni, ó sì ń tọ́jú ilé, ṣùgbọ́n ẹ̀ka mẹ́rin ló ń gbé igi náà ró.

Ẹ̀tọ́ tún wà tí ọ̀pọ̀ nínú wa kì í bèèrè fún. Àdéhùn Berne lórí ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọnà, tí wọ́n kọ́kọ́ fọwọ́ sí ní 1886 tí Benin sì wà nínú rẹ̀, sọ pé orin tí èèyàn tò jẹ́ iṣẹ́ tó ní ààbò tirẹ̀, láìfi ọwọ́ kan ẹ̀tọ́ ẹni tó ṣẹ̀dá rẹ̀. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé o gbọ́dọ̀ gba àyè lọ́wọ́ ẹni tó ni orin kí o tó tò ó, àti pé ohun tí o bá tò, ìwọ náà lo ni ín. BUBEDRA ni iléeṣẹ́ ìjọba tó ń bójú tó o lọ́dọ̀ wa. Ibẹ̀ ni kí o lọ forúkọ iṣẹ́ rẹ sílẹ̀. Orin Ẹ̀fẹ̀ tàbí orin ìbílẹ̀ mìíràn kò ní orúkọ ẹnìkan lórí, ìyẹn kò sì sọ pé kò ní olówó. Kí n tó to èyíkéyìí fún ìtàgé, mo máa ń lọ kí Ìyáláṣẹ̀, tó jẹ́ olórí Gẹ̀lẹ̀dẹ́, àti àwọn àgbà tó ni agbo náà. Ìgbà kan wà tí wọ́n ní kí n má fi orin kan sí i. N kò fi sí i.

Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, mo to orin mọ́kànlá fún ẹgbẹ́ kan. Nígbà tí ìwé ìpolówó jáde, orúkọ ẹni tó rán aṣọ wà níbẹ̀, ti ẹni tó gbé iná wà níbẹ̀. Tèmi kò sí. Wọn kò ṣe é láti fi bú mi. Wọn kò mọ ohun tí wọn yóò pè é ni. Láti ìgbà náà, mo máa ń kọ ọ́ fúnra mi sínú àdéhùn kí n tó tẹ dùùrù, bí mo ṣe fẹ́ kó jáde, ní ìlà mẹ́ta: Ẹni tó ṣẹ̀dá orin. Ẹni tó to orin. Olùdarí orin.